Orí Keje: Hubert Ogúndé, Òṣèré Ọmọ Òsósà

Láyé àtijọ́, bí ọ̀dọ́mọkùnrin kan bá sọ fún bàbá rẹ̀ ní ilẹ̀ Ìjẹ̀bú pé eré ṣíṣe ni òun fẹ́ fi ṣe iṣẹ́ jẹun, kì í ṣe pẹ̀lú ẹ̀rín ni bàbá náà yóò fi gbọ́ ọ. Nítorí pé nílẹ̀ ọmọ Alárè, níbi tí a ti ń mọ ọkùnrin nípa oko rẹ̀, nípa ọjà tí ó ń ná àti nípa ilé tí ó kọ́, ẹni tí ó bá ń jó láti ìlú dé ìlú, tí ó ń kọrin fún ẹni tí kò mọ ìran bàbá rẹ̀, alágbe ni gbogbo ayé ń pè é, a kì í sì fi ọmọ fún alágbe. Ọkùnrin tí orí yìí dá lé lórí bá ọ̀rọ̀ yìí nílẹ̀, ó sì fi ọdún mẹ́rìndínláàádọ́ta nínú ayé rẹ̀ bá a jà títí ó fi borí rẹ̀. Hubert Adédèjì Ogúndé ni orúkọ rẹ̀, ọmọ Òsósà, ìlú tí kò jìnnà sí Ìjẹ̀bú-Òde. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá wọkọ̀ láti Ìjẹ̀bú-Ìmùṣin, tí ó sì gba Ìjẹ̀bú-Òde kọjá, kò ní pẹ́ kí ó tó débẹ̀. Bàbá tíátà ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń pè é. Òdodo ni wọ́n sọ, ṣùgbọ́n oyè ńlá a máa bo iṣẹ́ ọwọ́ mọ́lẹ̀, ìdí sì nìyí tí a óò fi kọ́kọ́ wo Ogúndé gẹ́gẹ́ bí òṣèré, ẹni tí ó ń gbé àwọ̀ ẹlòmíràn wọ̀ lójú agbo, kí a tó wo bí ó ti ṣe mú kí iṣẹ́ náà di ohun tí a lè fi yangàn.

Irú òṣèré méjì ni ó wà. Àwọn kan wà tí ó jẹ́ pé ojú kan náà, ohùn kan náà àti ẹ̀rín kan náà ni wọ́n ń gbé láti inú eré kan bọ́ sí òmíràn, tí òǹwòran sì ń sanwó kí ó lè tún rí ojú tí ó mọ̀ náà. Bẹ́ẹ̀ ni àwọn mìíràn wà tí wọ́n máa ń fi ara wọn sílẹ̀ lẹ́yìn aṣọ ìkélé, tí ó jẹ́ pé ọba, oníṣègùn, òtòṣì tàbí ọ̀dàlẹ̀ ni yóò jáde sí wa, tí a óò sì gbàgbé pé ẹni tí a ti ń rí látàárọ̀ ni. Ogúndé bẹ̀rẹ̀ láàárín àwọn ti ìṣáájú, gẹ́gẹ́ bí olórin àti oníjó tí ìlú ń pariwo orúkọ rẹ̀. Láàárín àwọn ti ìkejì ni ó parí sí, nígbà tí ó ti lé ní ọgọ́ta ọdún. Ìrìn àjò láàárín ìbẹ̀rẹ̀ àti ìparí yìí ni ẹ̀kọ́ wa.

Ilé tí ó ti jáde wá

Ilé là ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Ní ọdún 1916 ni wọ́n bí Ogúndé, inú ilé tí ẹ̀sìn méjì ti pàdé ni wọ́n sì bí i sí. Bàbá rẹ̀, Jeremiah Deinbo Ogúndé, jẹ́ òjíṣẹ́ Ọlọ́run nínú ìjọ Onítẹ̀bọmi. Bàbá tí ó bí ìyá rẹ̀ sì jẹ́ babaláwo. Ọmọ tí ó ń gbọ́ orin ìyìn àti ohùn dùùrù lọ́jọ́ ìsinmi, tí ó sì tún ń gbọ́ ìyẹ̀rẹ̀ Ifá lẹ́nu àgbà ilé rẹ̀ lọ́jọ́ mìíràn, kò ṣẹ̀ṣẹ̀ nílò ẹni tí yóò sọ fún un pé ọ̀rọ̀ àti orin kì í gbé lọ́tọ̀ọ̀tọ̀ nílẹ̀ Yorùbá. Síwájú sí i, ó bá ẹgbẹ́ eégún alárìnjó rìn nígbà èwe rẹ̀, àwọn ọ̀jẹ̀ tí iṣẹ́ wọn ti wà láti ayé Ọ̀yọ́ Ilé, tí wọ́n ń pidán, tí wọ́n ń tàkìtì, tí wọ́n ń fi ẹ̀kú àti ìwo ojú sín ẹ̀yà gbogbo ènìyàn jẹ, láti orí àjòjì dé orí ọ̀mùtí. Lọ́dọ̀ àwọn wọ̀nyí ni ó ti kọ́kọ́ rí i pé ènìyàn lè bọ́ sínú aṣọ kan kí ó sì jáde bí ẹ̀dá mìíràn. Bí egúngún ẹni bá jóore, orí a máa yá ni. Orí ọmọdé yìí yá, kò sì wálẹ̀ mọ́.

Ó kàwé ní ilé-ẹ̀kọ́ St. John ní Òsósà, ó kà á dé Fàájì ní Èkó àti Wásìnmi, ó sì di tíṣà ní ọdún 1933. Iṣẹ́ tíṣà àti dùùrù títẹ̀ nínú ìjọ ni ó ń ṣe títí di ọdún 1941 tí ó wọ iṣẹ́ ọlọ́pàá ní Ìbàdàn; ní ọdún 1943, wọ́n gbé e lọ sí Èbúté-Mẹ́ta. A kò ní pẹ́ lórí èyí ju bẹ́ẹ̀ lọ, àfi kí a rántí pé tíṣà àti ọlọ́pàá, iṣẹ́ méjèèjì ní ọ̀wọ̀ lójú ará ìlú, tí wọ́n sì ní owó oṣù. Ohun tí Ogúndé fi sílẹ̀ nìyẹn láti lọ ṣe ohun tí wọ́n ń pè ní agbe.

Ọdún 1944 àti ohun tí ó tẹ̀lé e

Ìjọ Olúwa, tí í ṣe ìjọ Aládùúrà, ní Èbúté-Mẹ́ta ń wá owó tí wọn yóò fi kọ́ ilé ìsìn, wọ́n sì ní kí ọ̀dọ́mọkùnrin ọlọ́pàá tí ó mọ orin yìí bá wọn kọ eré kan. Ní ọjọ́ kejìlá oṣù kẹfà, ọdún 1944, eré náà, *The Garden of Eden and the Throne of God*, jáde ní gbọ̀ngàn Glover ní Èkó. Kì í ṣe eré ìjọ àkọ́kọ́ tí Èkó rí. Àwọn bíi Ajíbọ́lá Láyẹni àti A. B. David ti ń gbé irú rẹ̀ jáde ṣáájú. Ṣùgbọ́n nínú àwọn ti ìṣáájú, akọrin a dúró sójú kan bí ẹgbẹ́ akọrin ṣe ń dúró nínú ṣọ́ọ̀ṣì, wọn a kọ orin tán, wọn a sì jókòó. Ogúndé ni ó mú kí Ádámù rìn, kí Éfà jó, kí ìlù ilẹ̀ wa sì bá dùùrù sọ̀rọ̀, tí ọ̀rọ̀ Bíbélì tí àwọn ènìyàn ti gbọ́ títí fi di ohun tí ojú rí. Àwọn èrò wọ́ wá débi pé wọ́n ní kí ó tún un ṣe.

Kò pẹ́ tí ó fi bọ́ aṣọ ọlọ́pàá, tí ó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀, tí ó pè ní African Music Research Party. Èyí ni ìgbà àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà tí ẹgbẹ́ òṣèré ìgbàlódé yóò fi eré nìkan ṣe iṣẹ́ jẹun, tí wọn kò sí lábẹ́ ìjọ, tí wọn kò sì sí lábẹ́ ọba. Ohun tí ó wà lẹ́yìn ẹ̀fà ó ju èje lọ: ẹni tí ó bá dá irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ sílẹ̀ gbọ́dọ̀ wá ọkọ̀, ó gbọ́dọ̀ wá ibùsùn fún èrò rẹ̀, ó gbọ́dọ̀ tẹ póṣítà, kí ó gba gbọ̀ngàn, kí ó gba ìwé àṣẹ lọ́wọ́ ọlọ́pàá, kí ó sì ní owó lọ́wọ́ bí òjò bá lé òǹwòran sílé.

Ẹ jẹ́ kí a wo bí ó ti ń rí bí ẹgbẹ́ Ogúndé bá wọ ìlú. Póṣítà a ti lẹ̀ mọ́ ògiri ọjà ṣáájú. Ọkọ̀ ẹgbẹ́ náà, tí a kọ orúkọ Ogúndé sí lára gàdàgbà, a máa rọra rìn láti àdúgbò dé àdúgbò, tí ẹ̀rọ gbohùngbohùn ń ké láti orí rẹ̀, tí àwọn ọmọdé ń sá tẹ̀lé e. Nígbà tí ilẹ̀ bá ṣú, nínú gbọ̀ngàn ìlú, nínú ilé-ẹ̀kọ́ tàbí nínú ọgbà hòtẹ́ẹ̀lì, eré kì í ṣàdédé bẹ̀rẹ̀. Gbogbo ẹgbẹ́ a kọ́kọ́ tò jáde nínú aṣọ kan náà, wọn a jó, wọn a kọrin ìkíni, Ogúndé a sì wà láàárín wọn, a máa yẹ ẹsẹ̀ bí ọmọ ogún ọdún. Lẹ́yìn èyí ni ìtàn yóò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Ẹni tí ó bá mọ ìjúbà eégún aláré yóò mọ ibi tí ijó ìṣíde yìí ti wá. Orin ni wọ́n ń kọ sílẹ̀ tí wọ́n sì ń kọ́ sórí. Èyí tí ó pọ̀ jù nínú ọ̀rọ̀ ẹnu, òṣèré ni yóò wá a láti inú ara rẹ̀ lórí ìtàgé, gẹ́gẹ́ bí ìtàn bá ṣe ń lọ àti gẹ́gẹ́ bí òǹwòran bá ṣe ń dáhùn. Ìdí nìyí tí òṣèré tí kò gbọ́ ìjìnlẹ̀ Yorùbá kò fi lè pẹ́ nínú irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀.

Àwọn obìnrin inú ẹgbẹ́

Níbí ni ọ̀rọ̀ alágbe ti kan ojúgun. Nínú eégún aláré, ọkùnrin ni ó ń wọ aṣọ obìnrin. Ogúndé fẹ́ kí obìnrin ṣe obìnrin, nígbà tí ó sì ń múra eré *Tiger's Empire* sílẹ̀ ní ọdún 1946, ó polówó pé òun ń wá àwọn obìnrin tí yóò fi eré ṣe iṣẹ́. Ta ni yóò fi ọmọ rẹ̀ obìnrin sílẹ̀ kí ó máa bá ẹgbẹ́ eléré sùn ní ìlú kan, kí ó jí ní òmíràn? Ẹ̀bùn Clark, ẹni tí ó kọ ìwé pàtàkì lórí ayé Ogúndé, sọ bí ó ti yí ìpolówó náà padà, tí ó ní akọ̀wé obìnrin ni òun ń fẹ́; nígbà náà ni wọ́n tó wá. Ṣùgbọ́n bí a bá kọ́ ọmọbìnrin ní ijó tán, ọkọ a dé, ọkọ a sì ní kí ó fi ìtàgé sílẹ̀. Kí ẹgbẹ́ má baà máa tú, Ogúndé bẹ̀rẹ̀ sí í fẹ́ àwọn òṣèré rẹ̀ níyàwó. Àwọn ìyàwó rẹ̀ lé ní mẹ́wàá, wọ́n sì di òpó tí ẹgbẹ́ fi dúró, wọ́n ń jó, wọ́n ń kọrin, wọ́n ń tọ́jú owó, wọ́n sì ń tọ́ ọmọ tí yóò di òṣèré lẹ́yìn wọn.

Akẹ́kọ̀ọ́ òde òní lè fi ojú mìíràn wo ètò yìí, kò sì sí ẹni tí yóò dá a lẹ́bi. Èrò tèmi ni pé ètò náà fi ohun méjì hàn lẹ́ẹ̀kan náà: ó fi hàn pé nílùú tí kò fẹ́ obìnrin lórí ìtàgé, orúkọ ìyàwó ilé nìkan ni ó lè dáàbò bo obìnrin òṣèré, ó sì fi hàn pé iṣẹ́ wọn tóbi ju orúkọ tí wọ́n gbà níbẹ̀ lọ. Ẹni tí ó bá kọ ìtàn Ogúndé tí kò dárúkọ Clementina Ogúntìmírìn, ìyàwó rẹ̀ àkọ́kọ́, tí àwọn òǹwòran mọ̀ sí Adéṣẹ̀wà, àbọ̀ ìtàn ni ó kọ. Obìnrin yìí bá a lọ sí Lọ́ńdọ̀nù ní ọdún 1947 láti lọ wo bí àwọn òyìnbó ti ń ṣe eré tiwọn àti láti kọ́ ijó wọn, òun ni ìlú sì fi ń dá ẹgbẹ́ náà mọ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ní ọdún 1970, ìjàǹbá ọkọ̀ pa á lójú ọ̀nà eré. Ojú ọ̀nà ni òṣèré alárìnjó fi ń ṣe ilé, ojú ọ̀nà náà ni ó sì gbà á lọ́wọ́ wọn.

Eré àti ìjọba

Òṣèré tí ó bá gbé ẹ̀dá wọ̀ dáadáa, ọba a máa rí ara rẹ̀ níbẹ̀. Nígbà tí àwọn òṣìṣẹ́ Nàìjíríà dáṣẹ́ sílẹ̀ ní ọdún 1945, tí Michael Imoudu ṣáájú wọn, Ogúndé gbé *Strike and Hunger* jáde, ó sì fi ìtàn ọba àjòjì tí ó ń ni ará ìlú lára bo ọ̀rọ̀ náà mọ́lẹ̀. Kò bo ojú àwọn aláṣẹ. Ní Jos, wọ́n fi òfin de eré náà, wọ́n sì mú kí ó san owó ìtanràn. Ní oṣù kọkànlá, ọdún 1949, àwọn ọlọ́pàá yìnbọn fún àwọn awakùsà èédú ní Iva Valley ní Enugu, ènìyàn mọ́kànlélógún sì kú; Ogúndé fi ọ̀ràn yìí ṣe *Bread and Bullet*, wọ́n sì fi òfin de ìyẹn náà ní Kano.

Èyí tí ó dun ún jù wá láti ọwọ́ àwọn tirẹ̀. Ní ọdún 1964, ẹgbẹ́ Ọmọ Ọlọ́fin, tí Olóyè Ládòkè Akíntọ́lá, olórí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn, jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn aṣáájú rẹ̀, ní kí ó bá wọn ṣe eré kan. *Yorùbá Ronú* ni ó gbé wá fún wọn, ìtàn ọba kan tí igbákejì rẹ̀ dalẹ̀ rẹ̀, tí ìlú sì fọ́. Akíntọ́lá dìde kúrò nínú gbọ̀ngàn kí eré tó parí. Ogúndé kò tọrọ àforíjì. Ó tún gbé eré mìíràn, *Òtítọ́ Korò*, jáde. Ìjọba fi òfin de ẹgbẹ́ rẹ̀ ní gbogbo Ìwọ̀-Oòrùn. Kí akẹ́kọ̀ọ́ ro ohun tí èyí jẹ́: ẹni tí èdè rẹ̀ jẹ́ Yorùbá, tí òǹwòran rẹ̀ wà ní Ìbàdàn, ní Abẹ́òkúta, ní Ìjẹ̀bú-Òde, kò gbọdọ̀ ṣeré níbẹ̀ mọ́, ẹnu àwọn ìyàwó àti ọmọ tí ó ń bọ́ kò sì dín. Oṣù kejì ọdún 1966 ni Ọ̀gágun Adékúnlé Fájuyì, gómìnà ológun, tó gbé òfin náà kúrò. Ní ọdún tí ó tẹ̀lé e, Ogúndé àti ẹgbẹ́ rẹ̀ ṣojú Nàìjíríà ní ìpàtẹ àgbáyé Expo 67 ní Montreal, ní Kánádà. Ẹni tí wọ́n lé kúrò lágbàlá bàbá rẹ̀ ni ó wá di aṣojú orílẹ̀-èdè.

Ọ̀ṣẹ́túrá

Bí a bá ní kí a mú ẹ̀dá kan ṣoṣo nínú gbogbo èyí tí Ogúndé gbé wọ̀, Ọ̀ṣẹ́túrá ni a óò mú. *Ayé* ti jẹ́ eré orí ìtàgé láti ọdún 1972. Ní ọdún 1979, ó di sinimá, Ọlá Balógun sì ni ó darí rẹ̀, ẹni tí ó ti bá Adéyẹmí Afọláyan ṣe *Àjàní Ògún*, sinimá Yorùbá àkọ́kọ́, ní ọdún 1976. Ìtàn náà kò lọ́jú pọ̀: àwọn àjẹ́ kógun ti ìlú kan, babaláwo Ọ̀ṣẹ́túrá sì ń bá wọn jà. Ní ọdún kejì, *Jáíyésimi* tẹ̀lé e.

Ọ̀pọ̀ ni ó ń sọ̀rọ̀ nípa idán inú sinimá yìí, bí ènìyàn ti ń pòórá, bí iná ti ń sọ. Idán wọ̀nyẹn ti gbó lójú ọmọ ìwòyí. Ohun tí kò gbó ni ọkùnrin náà fúnra rẹ̀. Ó ti lé ní ọgọ́ta ọdún nígbà náà, ẹsẹ̀ tí ó fi ń jó nínú ijó ìṣíde ti dákẹ́, ó sì jẹ́ kí ó dákẹ́. Ọ̀rọ̀ ni ó fi rọ́pò ijó. Bí ó bá ń pe ọfọ̀, kì í sáré. A máa jẹ́ kí gbólóhùn kan balẹ̀ kí èkejì tó gbéra, bí àwọn tí ó mọ̀ ọ́n ti ń pè é ní tòótọ́, tí wọ́n mọ̀ pé ọ̀rọ̀ tí a bá ṣì pè yóò padà sọ́dọ̀ ẹni tí ó pè é. Ọmọ òjíṣẹ́ ìjọ Onítẹ̀bọmi ni, ṣùgbọ́n ilé bàbá ìyá rẹ̀ ni ó padà sí láti lọ gbé ohùn yìí wá. Ó ṣe é débi pé ọ̀pọ̀ ènìyàn ló gbà pé oníṣègùn gidi ni Ogúndé, tí wọ́n sì ń bẹ̀rù láti súnmọ́ ọn. Kò sí ẹ̀rí mìíràn tí òṣèré lè fẹ́ ju èyí lọ.

Ó ṣàǹfààní láti gbé e sí ẹ̀gbẹ́ òṣèré Yorùbá mìíràn tí ó gba ọ̀nà ọ̀tọ̀ lọ. Orlando Martins, tí wọ́n bí ní Èkó ní ọdún 1899, lọ sí ìlú Òyìnbó nígbà èwe rẹ̀, ó ṣe onírúurú iṣẹ́ aláàárù níbẹ̀, ó bá Paul Robeson ṣeré, ó sì di ojú tí àwọn ará Gẹ̀ẹ́sì mọ̀ nínú sinimá. Nínú *The Hasty Heart* ti ọdún 1949, tí Ronald Reagan, ẹni tí ó padà di ààrẹ Amẹ́ríkà, wà nínú rẹ̀, Martins ni Blossom, ọmọ-ogun Áfíríkà tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, tí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ má sọ̀rọ̀ rárá láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ó fi ojú àti èjìká ṣe iṣẹ́ tí ẹlòmíràn yóò fi ẹnu ṣe, ó sì ṣe é dáadáa. Síbẹ̀, ìyàtọ̀ tí ó wà níbẹ̀ dùn mí: ọ̀kan nínú àwọn ọmọ Yorùbá méjì yìí ní láti dákẹ́ kí ayé tó lè wò ó, èkejì sì dúró sílé, ó sì fi èdè ìyá rẹ̀ kún gbọ̀ngàn. Martins padà sí Èkó lọ́jọ́ ogbó, ó sì wà nínú *Kongi's Harvest* ní ọdún 1970, kí ó tó kú ní ọdún 1985.

Àwọn ọdún ìkẹyìn

Nígbà tí ọdún 1980 fi dé, ẹgbẹ́ òṣèré alárìnjó Yorùbá ti tó ọgọ́rùn-ún. Kọ́lá Ògúnmọ́lá ti wá, ó sì ti lọ. Dúró Ládiípọ̀, tí ó gbé *Ọba Kò So* kọjá òkun, ti sùn. Moses Ọláìyá ń pa ìlú lẹ́rìn-ín. Gbogbo wọn ni wọ́n gba ọ̀nà tí Ogúndé là kọjá, òun sì ni wọ́n fi ṣe olórí nígbà tí wọ́n dá ẹgbẹ́ àpapọ̀ sílẹ̀. Ó ṣe sinimá méjì sí i, *Àròpin N'Tènìyàn* ní ọdún 1982 àti *Àyànmọ́* ní ọdún 1988. Yunifásítì Ifẹ̀ àti ti Èkó fún un ní oyè ọ̀mọ̀wé. Ìjọba àpapọ̀ sì fà á lé e lọ́wọ́ pé kí ó kó ẹgbẹ́ òṣèré orílẹ̀-èdè jọ. Nínú *Mister Johnson*, sinimá tí Bruce Beresford darí, òun ni ó ṣe Brimah. Lọ́tẹ̀ yìí, kì í ṣe òun ni ó ni ẹgbẹ́, kì í ṣe òun ni ó kọ ìtàn, bẹ́ẹ̀ ni kò kọrin. Òṣèré ni ó jẹ́, òṣèré nìkan, tí ó ń gba àṣẹ lẹ́nu ẹlòmíràn tí ó kéré sí i lọ́jọ́ orí. Ọjọ́ kẹrin oṣù kẹrin, ọdún 1990 ni ó kú ní ilé ìwòsàn kan ní Lọ́ńdọ̀nù, wọ́n sì gbé òkú rẹ̀ wá sin sí Òsósà, níbi tí ó ti kọ́ abúlé sinimá rẹ̀ sí.

Iṣẹ́ fún akẹ́kọ̀ọ́

Wo *Ayé* láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kí o sì yan ibi kan tí Ọ̀ṣẹ́túrá ti ń sọ̀rọ̀. Sọ ohun tí òṣèré náà fi ojú, ọwọ́ àti ìdákẹ́ rẹ̀ ṣe níbẹ̀ tí ọ̀rọ̀ ẹnu rẹ̀ kò sọ. Lẹ́yìn èyí, lọ bá àgbà kan ní Ìmùṣin tàbí ní ìlú tìrẹ, ọkùnrin tàbí obìnrin, tí ó lọ wo eré alárìnjó ṣáájú ọdún 1980. Bi í léèrè ibi tí wọ́n ti ṣe é, iye tí ó san, ta ni ó ṣe obìnrin nínú eré náà, àti ohun tí àwọn òbí rẹ̀ sọ nígbà tí ó délé ní òru. Kọ ìdáhùn rẹ̀ sílẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ó ti sọ ọ́, ní ẹ̀ka èdè Ìjẹ̀bú tí ó bá jẹ́ pé òun ni ó fi sọ ọ́.